Òkùnkùn ò gbowó, ilẹ̀ tó ń mọ́ ló ń gbowó

Aago mẹ́rin ààbọ̀ ìdájí ti kọjá, ojú ọ̀run ti ń funfun díẹ̀díẹ̀, ọkùnrin tó yẹ kó ti kú láti aago méjì ò tíì kú. Ó nà gbalaja sílẹ̀, rọ́bà ẹ̀jẹ̀ wà lábẹ́ ṣáàtì ẹ̀, ó ti sùn lọ, ó tiẹ̀ ń hanrun. Dáírẹ́kítọ̀ ń bá kámẹ́rà fa wàhálà, ọmọ tó ń ṣe ẹ̀jẹ̀ fún wa kúnlẹ̀ sẹ́gbẹ̀ẹ́ páǹpù, ó ń fẹnu fa rọ́bà tó dí, ojú gbogbo àwọn tó kù wà lára mọ́nítọ̀, èmi nìkan ni mo dojú kọ fèrèsé. Iṣẹ́ mi nìyẹn. Ẹ̀yin tẹ́ ẹ máa ń bi mí pé kí gan-an ni pródúsà ń ṣe nínú fíìmù adẹ́rùbani nígbà tí kì í ṣe òun ló ń darí ẹ̀, tí kì í ṣe òun ló kọ ọ́, tẹ́ ẹ ò sì rí ojú ẹ̀ nínú ẹ̀, ẹ jẹ́ n dá yín lóhùn lónìí: òun lẹni tó ń wo fèrèsé.

Torí òkùnkùn ò gbowó lọ́wọ́ ẹnikẹ́ni. Tí ilẹ̀ bá mọ́ tá ò tíì parí ńkọ́? A máa padà wá lálẹ́ ọ̀la nìyẹn, ẹni tó ni kámẹ́rà á gbowó ọjọ́ kan sí i, onílé á gbowó, awakọ̀ á gbowó, àwọn èèyàn á jẹun, ẹni tó ń hanrun nílẹ̀ yẹn náà á gbowó, ó sì lè jẹ́ pé ọ̀la gan-an ló níṣẹ́ níbòmíì. Àwọn èèyàn máa ń ní ṣé ẹ̀rù kì í bà mí pẹ̀lú gbogbo nǹkan tí mò ń ṣe yìí, ṣé mi ò kì í lálàá burúkú. Mò ń lá a o! Àlá mi ni pé a ti parí, gbogbo èèyàn ti lọ sílé, mo wá ṣí ẹ̀rọ sàúǹdì, mo bá a pé kò sẹ́ni tó tẹ record látìgbà tá a ti bẹ̀rẹ̀.

Màmá mi ò wo ìkankan rí nínú fíìmù tí mo ṣe. Ọjọ́ tí mo gbé pósítà àkọ́kọ́ wálé, wọ́n wò ó, wọ́n rọra yí i dojú délẹ̀ sórí tábìlì, wọ́n ní, "Gbogbo ìwé tá a rán ẹ lọ kà, òkú lo wá ń bá ṣe." Mo ní Màmá, òkú kọ́, ẹ̀dá inú kànga ni. Wọ́n ní kí n má ṣàlàyé. Àmọ́ látìgbà yẹn, ìbéèrè kan ṣoṣo ni wọ́n máa ń bi mí lórí fóònù, ìbéèrè yẹn sì gbọ́n ju gbogbo èyí tẹ́nikẹ́ni ti bi mí nípa iṣẹ́ yìí lọ: "Ṣé wọ́n ti sanwó fún ẹ?" Ẹ jẹ́ ká fi síbẹ̀ ná, mò ń bọ̀ wá bá a.

Kì í ṣe pé mo nífẹ̀ẹ́ àǹjọ̀nú láti kékeré o, mo tiẹ̀ máa ń bẹ̀rù òkùnkùn. Rìsíìtì ni mo bá wọṣẹ́. Wọ́n gbà mí síbi fíìmù kan pé kí n máa gba rìsíìtì lọ́wọ́ gbogbo èèyàn, kí n máa kọ ọ́ sínú ìwé, láàárín ọ̀sẹ̀ méjì mo ti mọ ohun tí dáírẹ́kítọ̀ gan-an ò mọ̀, pé owó tó kù ò lè gbé wa dé ojú ìwé tó gbẹ̀yìn nínú sikírípìtì. Mo lọ sọ fún pródúsà, ó ní òun mọ̀, ó ní kí n pa á mọ́ra. Ọjọ́ kejì ó jókòó ti ẹni tó kọ ìtàn náà, wọ́n pa èèyàn mẹ́ta lẹ́ẹ̀kan náà nínú ìtàn, kí wọ́n tó dé ibi tó yẹ kí wọ́n kú sí, bẹ́ẹ̀ ni ọjọ́ iṣẹ́ mẹ́rin ṣe wọlé padà sápò wa. Ẹnu yà mí. Tó bá jẹ́ fíìmù ìfẹ́ ni, ta lẹ fẹ́ pa? Nínú tiwa, ikú gan-an jẹ́ ọ̀nà tá a fi ń ṣọ́ owó ná. Ọjọ́ yẹn ni mo mọ̀ pé ibí ni mo máa jókòó sí.

Ohun tó jẹ́ kí ẹni tí ò lówó lè wọ iṣẹ́ yìí ju àwọn yòókù lọ ni pé àwọn tó ń wo fíìmù adẹ́rùbani kì í bèèrè ẹni tó wà nínú ẹ̀. Wọn ò ní kẹ́ ẹ mú gbajúmọ̀ wá. Ṣé ó dẹ́rù bani? Ohun tí wọ́n ń bèèrè nìyẹn. Èmi ò sì rí ẹni tó tètè lóye ọ̀rọ̀ yìí, tó tún fi gbogbo ayé ẹ̀ ṣe é, tó Roger Corman, pródúsà àti dáírẹ́kítọ̀ ará Amẹ́ríkà, bàbá tó kú lọ́dún 2024 lẹ́ni ọdún 98. Iṣẹ́ injinníà ló kọ́ ní yunifásítì Stanford, ó ríṣẹ́ injinníà, ó ṣe é fọ́jọ́ mẹ́rin péré, ó fi sílẹ̀. Mo máa ń rò ó pé injinníà yẹn ò kúrò lára ẹ̀ títí tó fi kú, torí bó ṣe ń ṣe fíìmù, bí ẹni tó ń to ẹ̀rọ ni. Fíìmù The Little Shop of Horrors tó jáde lọ́dún 1960, ọjọ́ méjì àti òru kan ló fi ya èyí tó pọ̀ jù nínú ẹ̀, sẹ́ẹ̀tì fíìmù míì, ìyẹn ilé tí wọ́n kàn kọ́ fún yíyà, tí wọn ò tíì tú palẹ̀ ló rí tó jẹ́ kó ronú kàn án, owó tó ná ò ju nǹkan bíi ọgbọ̀n ẹgbẹ̀rún dọ́là lọ. Ọmọkùnrin kan tẹ́nikẹ́ni ò mọ̀ nígbà yẹn wà níbẹ̀ tó wá síbi oníṣègùn eyín, inú ẹ̀ ń dùn pé wọ́n fẹ́ fa eyín òun yọ. Jack Nicholson ni, tó wá di gbajúmọ̀ òṣèré.

Èyí tí mo fẹ́ràn jù ni ti Boris Karloff, òṣèré àgbà inú fíìmù adẹ́rùbani. Corman ń parí fíìmù kan, sẹ́ẹ̀tì ilé ńlá aláṣọ dúdú àti pósí òkú yẹn ṣì wà nílẹ̀, ó ní ṣé kí wọ́n kàn wó o báyìí? Ó bẹ Karloff kó dúró fọ́jọ́ díẹ̀ sí i, ó yà á tó ń rìn lọ tó ń rìn bọ̀ láàárín ilé, tó ń sọ̀kalẹ̀ lórí àtẹ̀gùn, tó ń ṣílẹ̀kùn, ìtàn tí wọ́n máa fi so gbogbo ẹ̀ pọ̀ ò tiẹ̀ tíì parí. Oṣù bíi mélòó kan ni wọ́n fi wá ń ya ìyókù, oríṣiríṣi èèyàn ló bá a darí ẹ̀, Francis Ford Coppola wà lára wọn. Fíìmù náà ò já mọ́ nǹkan púpọ̀, ẹ má jẹ́ kẹ́nikẹ́ni tàn yín. Ṣùgbọ́n ẹ wo ohun tó tẹ̀ lé e: nígbà tó ṣe, Karloff tún jẹ Corman ní iṣẹ́ ọjọ́ méjì, Corman pe ọ̀dọ́mọkùnrin kan tó ń jẹ́ Peter Bogdanovich, ó ní gba Karloff fọ́jọ́ méjì, mú díẹ̀ nínú fíìmù àtijọ́ yẹn, lọ ya ìyókù fúnra ẹ. Fíìmù tíyẹn ṣe jáde lọ́dún 1968, Targets, dáa ju ibi tí wọ́n ti gé ẹ̀ lọ fíìfíì. Ajẹkù ni wọ́n fún un o. Tí wọ́n bá fún mi ní ọjọ́ méjì òṣèré àgbà lónìí, òru yẹn mi ò ní sùn, màá máa kọ ìtàn ni.

Bẹ́ẹ̀ náà ni gbogbo ìtàn òǹkọ̀wé Edgar Allan Poe tí Corman ṣe láti 1960 sókè. Ọ̀gbẹ́ni Poe ti kú láti 1849, ta lẹ fẹ́ sanwó ìtàn fún? Wọ́n ní nígbà tó gbé àkọ́kọ́ wá, àwọn tó fẹ́ fowó sí i ń ráhùn pé kò sí abàmì ẹ̀dá kankan nínú ẹ̀, ó wá dá wọn lóhùn pé ilé náà gan-an ni abàmì ẹ̀dá náà. Pródúsà ló sọ̀rọ̀ yẹn, ẹ gbọ́ ọ dáadáa. Ilé kì í gba owó mẹ́káàpù.

Báyìí, tí ẹnì kan bá gbé sikírípìtì wá bá mi, kí n tó kà á, ìwé kan ni mo máa ń kọ́kọ́ mú, màá kọ ohun tá a ní sínú ẹ̀. Ilé wo ni wọ́n lè yá wa fún odidi ọ̀sẹ̀ méjì? Ta ló ní ọkọ̀ tó ti bà jẹ́? Ta ló ní ìyá àgbà tí ojú ẹ̀ ń sọ̀rọ̀? Lẹ́yìn ìyẹn ni màá wá kàwé. Ìgbà míì ìtàn náà dáa gan-an àmọ́ ọkọ̀ ojú omi wà nínú ẹ̀, òjò wà nínú ẹ̀, ọmọdé wà nínú ẹ̀ (ọmọdé ò lè ṣiṣẹ́ lóru bí àgbà, òfin ò gbà á, ó sì yẹ kó má gbà á), ajá wà nínú ẹ̀, mo máa ń dá a padà fún wọn pẹ̀lú ẹ̀rín ni. Àwọn kan á ní mò ń pa ẹ̀bùn àwọn. Èmi ò pa nǹkan kan. Oren Peli, ẹni tó ń kọ prógráàmù kọ̀ǹpútà jẹun, ilé ara ẹ̀ ló fi ya Paranormal Activity, ọjọ́ méje, nǹkan bíi 15,000 dọ́là. Ó ti fi oṣù gbọọrọ kun ilé náà, ó tún un ṣe, ó yí àga padà, kó tó gbé kámẹ́rà síbẹ̀. Nígbà tó dé sinimá káàkiri lọ́dún 2009 owó tó pa lé ní 190 mílíọ̀nù dọ́là. Ṣé ẹ rí i, gbogbo èèyàn ló máa ń sọ ti mílíọ̀nù yẹn. Ti kíkun ilé yẹn ni kẹ́ ẹ máa rò.

Àwa náà máa ń ṣe òru lọ́sàn-án. Aṣọ dúdú tó nípọn la máa ń kàn mọ́ gbogbo fèrèsé láti ìta, ká lè ya òru láti aago mẹ́sàn-án àárọ̀ káwọn èèyàn sì lọ sùn nílé wọn lálẹ́ bí ọmọlúwàbí. Ó máa ń ṣiṣẹ́ dáadáa, àyàfi tí ihò kékeré kan bá wà lára aṣọ yẹn. Nínú fíìmù kejì mi, tẹ́ ẹ bá wo apá òsì dáadáa nígbà tí ọmọbìnrin yẹn ń rá pálá kọjá lábẹ́ tábìlì, ẹ máa rí oòrùn tín-ń-tín kan lára ògiri. Aago méjì òru nìyẹn o. Kò sẹ́ni tó rí i àfi èmi, èmi sì ń rí i lójoojúmọ́.

Obìnrin tí mo máa ń rántí tí mo bá ń kan aṣọ yẹn ni Debra Hill, tó kọ fíìmù adẹ́rùbani Halloween pẹ̀lú dáírẹ́kítọ̀ John Carpenter tó sì tún jẹ́ pródúsà ẹ̀. Ìgbà tí ewé ń wọ́ ni ìtàn yẹn, ṣùgbọ́n ìgbà ìrúwé ni wọ́n ń yà á lọ́dún 1978, ní California tí gbogbo igi ti tutù yọ̀yọ̀. Kí ni wọ́n ṣe? Wọ́n kun ewé ní àwọ̀ ilẹ̀, wọ́n dà á sílẹ̀ níwájú kámẹ́rà, wọ́n yà á, wọ́n ní ó tó, gbogbo èèyàn bẹ̀rẹ̀, wọ́n ń ṣà á padà sínú àpò torí ibòmíì ni wọ́n tún fẹ́ dà á sí. Ìbòjú apààyàn inú fíìmù yẹn, ojú òṣèré William Shatner ni, ìbòjú rọ́bà olówó pọ́ọ́kú tí wọ́n rà ní ṣọ́ọ̀bù tí wọ́n fi ọ̀dà funfun kùn. Nígbà tí mo ti gbọ́ ti ṣíṣa ewé yẹn, mi ò bínú mọ́ tí wọ́n bá ń pè mí ní Àǹtí Ahun. Ẹ máa pè mí.

Ẹ̀jẹ̀ ńkọ́? Ha, ẹ̀jẹ̀. Omi ṣúgà àgbàdo tó ki bí oyin la fi ń ṣe é, pẹ̀lú àwọ̀ pupa tí wọ́n ń fi sínú oúnjẹ, tá a bá fẹ́ kó dà bí òótọ́ a ó kán àwọ̀ búlúù díẹ̀ sí i, torí pupa lásán máa ń dà bí ọ̀dà lójú kámẹ́rà. Láyé fíìmù dúdú àti funfun, ó rọrùn, omi ṣokoléètì ni dáírẹ́kítọ̀ George Romero àtàwọn èèyàn ẹ̀ ń dà síra wọn lára nínú fíìmù Night of the Living Dead. Ìṣòro ẹ̀jẹ̀ oníṣúgà ni pé ó ń lẹ̀. Ó ń lẹ̀ mọ́ ilẹ̀, ó ń lẹ̀ mọ́ irun, èèrà á gbọ́ ìròyìn ẹ̀ láti ọ̀nà jíjìn, tó bá kan ògiri funfun onílé, ẹ ti di akunlé nìyẹn. Èyí tó tún wá burú jù ni pé kò ṣeé tún ṣe kíákíá. Tí ẹnì kan bá sọ̀rọ̀ tí kò dáa, a ní ó yá, tún un sọ, ìṣẹ́jú kan. Tí ẹ̀jẹ̀ bá tú síbi tí kò yẹ kó tú sí, ẹ máa wẹ òṣèré, ẹ máa gbẹ irun ẹ̀, ẹ máa wọ ṣáàtì míì fún un, ẹ máa nu ilẹ̀, wákàtí kan ààbọ̀ ti lọ, ẹ tún wo fèrèsé. Torí náà, tí wọ́n bá sọ fún mi pé èèyàn kan máa kú, mo máa ń rà tó ṣáàtì mẹ́rin tó jọra gẹ́lẹ́. Ẹ rí i lọ́jà tí mò ń bèèrè ṣáàtì funfun mẹ́rin lẹ́ẹ̀kan, ikú ń bọ̀ nìyẹn.

Ariwo náà ní ìṣirò tiẹ̀. Ọ̀fun èèyàn ò lè pariwo tọkàntọkàn ju ìgbà mélòó kan lọ kó tó há, torí náà gbogbo igbe ọjọ́ kan, ìparí ọjọ́ la máa ń to ó sí, lẹ́yìn tó bá ti sọ gbogbo ọ̀rọ̀ tó ní í sọ tán. A sì máa ń gba igbe náà sílẹ̀ lọ́tọ̀ láìsí kámẹ́rà, igbe kékeré, igbe ńlá, igbe ẹni tó ń sá, torí ẹ́dítọ̀ á bèèrè ẹ̀ lọ́jọ́ iwájú. Ẹ jọ̀ọ́, ẹ máa sọ fún àwọn aládùúgbò àti ọlọ́pàá kẹ́ ẹ tó bẹ̀rẹ̀. Nínú fíìmù àkọ́kọ́ tí mo ṣe, a ò sọ fún ẹnikẹ́ni, aago kan òru ọlọ́pàá méjì wọlé dé pẹ̀lú tọ́ọ̀ṣì, ohun tí wọ́n kọ́kọ́ rí ni bàbá kan tó nà sílẹ̀ nínú adágún ẹ̀jẹ̀. Kí n tó lanu, bàbá ti dìde jókòó, ó ní, "Ẹ kú iṣẹ́ òru o, ọ̀gá." Èyí tó kéré nínú wọn ti fẹ́ sá.

Ìgbà tí mo kọ́ jù nínú ayé mi ni ìgbà tí wọ́n fi mí rẹ́rìn-ín. A ti fi owó gidi ṣe ẹ̀dá inú kànga yẹn, rọ́bà, irun, eyín, gbogbo ẹ̀, mo ní dandan kí wọ́n rí i dáadáa, ṣebí a sanwó ẹ̀. A fi han àwọn èèyàn bí ogójì kó tó jáde, nígbà tí ẹ̀dá náà yọ lára kànga tó dúró sínú iná, ẹnì kan rẹ́rìn-ín lẹ́yìn, ẹlòmíì tẹ̀ lé e, kò pẹ́ gbogbo ilé ń rẹ́rìn-ín. Ẹ wo mi! Mo fẹ́ wọlẹ̀. Ẹ́dítọ̀ wa ò sọ nǹkan kan, ó lọ gé e, ó yọ gbogbo ìran tó ti dúró sínú iná kúrò, ó fi ọwọ́ ẹ̀ nìkan sílẹ̀ létí kànga, àti ohùn omi tó ń kán, ìṣẹ́jú àáyá mẹ́ta. Nígbà tá a tún un fi han àwọn míì, obìnrin kan gbé ẹsẹ̀ ẹ̀ sórí àga. Rọ́bà tá a sanwó ẹ̀ yẹn wà nínú àpótí lábẹ́ bẹ́ẹ̀dì mi títí dòní. Etí ni ẹ̀rù ń gbà wọlé, tí owó yín ò bá tó nǹkan méjì, ẹ mú u kúrò lára kámẹ́rà kẹ́ ẹ fi sí sàúǹdì, èèyàn á fara da àwòrán tó ṣókùnkùn, kò ní fara da ọ̀rọ̀ tí kò gbọ́.

Ó yá, ìwé. Ibi tí ọ̀pọ̀ ti ń ṣubú nìyí tí kò sì sẹ́ni tó fẹ́ gbọ́ ọ. Night of the Living Dead tí mo dárúkọ lẹ́ẹ̀kan yẹn, àwọn èèyàn mẹ́wàá ló kọ́kọ́ dáwó, 600 dọ́là lẹ́nì kọ̀ọ̀kan, gbogbo ẹ̀ wá di nǹkan bíi 114,000 dọ́là nígbà tí wọ́n parí ẹ̀. Orúkọ míì ni wọ́n kọ́kọ́ sọ ọ́. Àwọn tó fẹ́ gbé e jáde lọ́dún 1968 ní kí wọ́n yí orúkọ padà, wọ́n yọ àkọlé àtijọ́ kúrò, wọ́n fi tuntun síbẹ̀, wọn ò rántí pé ara àkọlé àtijọ́ yẹn ni ìlà kópíráìtì, tó ń sọ ẹni tó ni fíìmù, wà. Òfin Amẹ́ríkà nígbà yẹn sọ pé tí ìlà yẹn ò bá sí lára ẹ̀, kò lẹ́ni tó ni ín. Bí fíìmù tó bí gbogbo òkú-arìn tẹ́ ẹ ń wò lónìí ṣe di ti gbogbo ayé nìyẹn, ẹnikẹ́ni lè tà á, ẹnikẹ́ni lè fi hàn, àwọn tó fi omi ṣokoléètì kun ara wọn ń wò ó. Ìlà kan péré!

Tèmi ò tó bẹ́ẹ̀ ṣùgbọ́n ó dùn mí. Ọ̀rẹ́ wa kan ló ta gìtá sínú fíìmù kẹta, mo ní kó fọwọ́ síwèé, ó ní ìwé kẹ̀, ṣebí ọ̀rẹ́ ni wá, ojú tì mí, mo fi sílẹ̀. Ọdún kan lẹ́yìn náà àwọn tó fẹ́ rà á fi ìwé ránṣẹ́, ojú ewé mẹ́rin, gbogbo ohun tí wọ́n fẹ́ kí n kó wá: ìwé pé ìtàn ti wa ni, ìwé gbogbo òṣèré, ìwé orin, ìwé onílé, ìwé ẹni tó ya àwòrán tó wà lára ògiri onílé. Ọ̀rẹ́ mi ti kó lọ, fóònù ẹ̀ ò lọ. A yọ gìtá kúrò látìbẹ̀rẹ̀ dópin. Wọ́n tún bèèrè sàúǹdì tí kò sí ọ̀rọ̀ ẹnu nínú ẹ̀, kí wọ́n lè fi èdè míì sí i, a ò ní in, torí gbogbo ẹ̀ la ti pò pọ̀, bí ẹni tó po ẹ̀kọ mọ́ ṣúgà. Òru mẹ́fà la tún fi ń rìn níwájú máìkì, à ń ṣílẹ̀kùn, à ń fọ́ ewébẹ̀ kó lè dà bí egungun.

Ti fíìmù kejì ló mú kí n mọ iyì ìbéèrè Màmá. Disitíríbútọ̀ kan, ìyẹn ilé iṣẹ́ tó ń bá èèyàn ta fíìmù kiri, mi ò ní dárúkọ, kàn sí mi pé àwọn fẹ́ràn ẹ̀ gan-an, inú mi dùn débi pé mo fọwọ́ síwèé lọ́jọ́ kejì. Ọdún mẹ́wàá, gbogbo ayé, gbogbo ọ̀nà tí wọ́n ń gbà wo fíìmù àti èyí tẹ́nikẹ́ni ò tíì dá sílẹ̀. Kọ́bọ̀ kan wọn ò san ṣáájú. Ìlà kékeré kan wà nísàlẹ̀ pé wọ́n á kọ́kọ́ yọ ìnáwó tí wọ́n ná lórí ọjà, kò sọ iye tí ìnáwó náà ò gbọdọ̀ kọjá. Ẹ gbọ́ ná, fíìmù yẹn ń tà o, àwọn èèyàn ń kọ̀wé sí mi pé àwọn rí i. Lóṣù mẹ́ta mẹ́ta, wọ́n á fi ìwé ìṣirò ránṣẹ́, ìnáwó pósítà, ìnáwó trailer, ìnáwó ọkọ̀ òfuurufú lọ síbi ọjà fíìmù, iye tó wà nísàlẹ̀ pátápátá kì í ṣe ohun tí wọ́n jẹ mí, ohun tí èmi ṣì jẹ wọ́n ni. "Ṣé wọ́n ti sanwó fún ẹ?" Rárá, Màmá. "Ó wà lórí tẹlifíṣọ̀n ọmọ ẹ̀gbọ́n ẹ." Mo mọ̀, Màmá. Owó lọ́yà tí mo sá fún lọ́jọ́ yẹn ò tó owó kámẹ́rà òru kan. Ní báyìí, mi ò kì í fọwọ́ sí ohunkóhun tí kò bá sí iye tí ìnáwó ò gbọdọ̀ kọjá níbẹ̀, ọdún ẹ̀ kò gbọdọ̀ gùn jù, mo gbọ́dọ̀ láṣẹ láti yẹ ìwé wọn wò, tí ilé iṣẹ́ náà bá sì wó lulẹ̀, kí fíìmù mi padà wálé.

Ẹ má tún gba owó tí ẹnì kan fẹ́ fi sanwó ilé lọ́wọ́ ẹ̀. Mo máa ń sọ fún ẹni tó bá fẹ́ fowó sí i pé kó máa wo owó náà bí owó tó sọnù, ọ̀pọ̀ á sá lọ, ẹni tó bá dúró la jọ ń ṣe é. Robert Tapert àti Sam Raimi kọ́kọ́ ṣe fíìmù kékeré kan kí wọ́n tó ṣe The Evil Dead, òun ni wọ́n gbé kiri lọ bá àwọn oníṣègùn eyín àti lọ́yà, pé ẹ wo ohun tá a lè ṣe. Ó dáa ju ẹnu lásán lọ. Èmi, mo ṣì ń ṣe fídíò fún àwọn ilé iṣẹ́ lọ́sàn-án, ẹni tó ń wo ìpolówó ọṣẹ tí mo ṣe ò mọ̀ pé ara ọ̀hún ni mo ti ń gba owó ẹ̀jẹ̀.

Àwọn tẹ́ ẹ bá sì kọ́ níṣẹ́ máa lọ. Wọ́n ní Corman sọ fún Ron Howard nígbà tó fẹ́ darí fíìmù àkọ́kọ́ ẹ̀ fún un lọ́dún 1977 pé tó bá ṣe iṣẹ́ yìí dáadáa, kò ní padà wá bá òun ṣiṣẹ́ mọ́ láyé. Gale Anne Hurd, ọ́fíìsì bàbá yẹn ló ti bẹ̀rẹ̀, tó fi wá di pródúsà The Terminator. Ìgbà tí ẹni tó ń ya kámẹ́rà fún mi láti ìbẹ̀rẹ̀ sọ pé wọ́n pe òun síbi iṣẹ́ ńlá, mo kí i kú oríire, mo wọlé, mo sunkún díẹ̀, mo jáde. Ohun tí mo fi ń dá àwọn tó kù dúró ni pé mi ò kì í jẹ wọ́n lówó, oúnjẹ gbígbóná máa ń wà láago méjìlá òru, lẹ́yìn wákàtí méjìlá a máa ṣíwọ́. Ẹni tí ebi ń pa ò lè pariwo dáadáa.

Ọkùnrin tó ń hanrun yẹn ńkọ́? Aago márùn-ún kọjá ìṣẹ́jú mẹ́wàá ni rọ́bà yẹn là. Ìmọ́lẹ̀ ti wọlé lápá kan, mo ní kí wọ́n yí kámẹ́rà padà kí fèrèsé wà lẹ́yìn wọn, èmi àti awakọ̀ di aṣọ dúdú mú lọ́wọ́ níbẹ̀, apá mi ń gbọ̀n. Wọ́n jí i, ó lajú, kò mọ ibi tó wà, ẹ̀jẹ̀ tú, ó wò ó bí ẹni tí kò yé, ó tún padà sùn. Ẹ̀ẹ̀kan péré la yà á. Kò sí òkú tó kú dáadáa tó bẹ́ẹ̀ nínú gbogbo fíìmù mi.

Òmíì bẹ̀rẹ̀ lọ́sẹ̀ tó ń bọ̀, òru mẹ́sàn-án, ilé kan, èèyàn mẹ́rin. Ọmọ tó ń ṣe ẹ̀jẹ̀ pè mí láàárọ̀ yìí, ó ní, "Àǹtí, lítà mélòó ni kí n ṣe?" Mo ní ogún. Ó dákẹ́ díẹ̀. Ó ní, "Àǹtí, mo ti ka sikírípìtì o. Ogún ò tó."